Ẹ̀kọ́ Kejìlélógún: Òkúta Aláwọ̀ Ewé tí Iná Inú Rẹ̀ Kò Hàn

Òkúta ni ẹ̀kọ́ wa lónìí dá lé. Ó lè ya ẹlòmíràn lẹ́nu pé a ó fi odindi ẹ̀kọ́ kan sọ̀rọ̀ òkúta, nígbà tí ó jẹ́ pé òkúta ni a ń fi ẹsẹ̀ kọ lójoojúmọ́ láti Kambolé dé Tchamba. Ẹ fara balẹ̀ kà á. Bí ẹ bá dé ibi tí ọ̀rọ̀ kan ti gùn, ẹ pín in sí ọ̀nà méjì tàbí mẹ́ta, ẹ kà á sókè, kí ẹ tó kọjá.

Ní alẹ́ ọjọ́ kan, lẹ́yìn ìrun ìṣáì, ọ̀kan nínú àwọn bàbá tí ń kàwé lọ́dọ̀ wa gbé òkúta kan wọ kíláàsì. Ó dì í sínú aṣọ. Ó tú aṣọ náà lórí tábìlì mi, ó ní, “Olùkọ́, ẹ bá mi wò ó. Kí ni wọ́n ń pe èyí?” Ó sọ fún mi pé níbi tí òun ti ń gbẹ́ kànga lẹ́yìn oko iṣu ni òun ti rí i. Òkúta náà ń dán nínú iná àtùpà. Ìpele ìpele ni ó wà, tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́, tó bẹ́ẹ̀ tí ènìyàn lè fi èékánná ṣí i bí ẹni ń bó alùbọ́sà.

Mo bi í pé kí ló dé tí ó fi dì í pamọ́ bí ohun ọ̀ṣọ́. Nígbà náà ni ọ̀rọ̀ jáde. Ọkùnrin kan tí ó ń ti ọjà dé ọjà ti sọ fún un pé yuréníọ̀mù ni òkúta yìí, pé òun ni àwọn òyìnbó fi ń ṣe bọ́ǹbù, pé owó rẹ̀ tó ra ọkọ̀ akẹ́rù. Ó ní kí bàbá mú 40,000 fàráǹkì wá, kí òun fi lọ wá ẹni tí yóò rà á ní Lomé. Bàbá ti ta ewúrẹ́ méjì. Ó ti san ìdajì owó náà. Òkúta náà sì ti wà lábẹ́ ibùsùn rẹ̀ fún oṣù méjì, nínú yàrá tí òun àti àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ mẹ́ta ń sùn.

Ẹ wò ó bí ọ̀rọ̀ náà ti rí. Bí òkúta yìí kì í bá ṣe yuréníọ̀mù, owó ewúrẹ́ ti wọ igbó. Bí ó bá sì jẹ́ yuréníọ̀mù ní tòótọ́, ohun tí kò yẹ kí ó sún mọ́ ọmọdé ni ó wà lábẹ́ ẹní wọn. Mo sọ òtítọ́ fún bàbá pé èmi kò mọ̀ ọ́n. Mo ní kí ó gbé e kúrò nínú yàrá lálẹ́ ọjọ́ náà gan-an, kí ó gbé e lọ sí ẹ̀yìn ọgbà níbi tí ọmọ kò ti ń ṣeré. Nígbà tí ọ̀sẹ̀ yí po, mo mú èérún rẹ̀ kékeré kan sínú páálí ìṣáná, mo wọ ọkọ̀ lọ sí Tchamba, mo sì gba Tchamba dé Sokodé. Mo ní ọ̀rẹ́ kan níbẹ̀ tí ó ń kọ́ àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ girama ní ẹ̀kọ́ nípa ilẹ̀ àti òkúta. Ohun tí mo gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ àti ohun tí mo kà nínú ìwé tí ó yá mi ni mo kọ sílẹ̀ fún yín yìí.

ÒKÚTA TÍ A Ń PÈ NÍ TORBERNITE

Kí ọ̀rẹ́ mi tó ṣí páálí ìṣáná, ó kọ́kọ́ fi àwòrán kan hàn mí nínú ìwé. Òkúta aláwọ̀ ewé ni, ewé tútù bí ọ̀dọ́ ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ lẹ́yìn òjò. Ó rí pẹlẹbẹ, igun mẹ́rin ni ó ní, bí ìgbà tí a gé dígí sí wẹ́wẹ́ tí a sì tò ó lé ara wọn. N kò parọ́ fún yín, ó dára lójú. Bí mo bá rí i lójú ọ̀nà, èmi náà ì bá mú un lọ sílé.

Orúkọ òkúta náà ni torbernite. Wọ́n fi orúkọ Torbern Bergman sọ ọ́, onímọ̀ kan ní ilẹ̀ Sweden tí ó kú ní 1784. Ohun mẹ́rin ni ó parapọ̀ di òkúta yìí: yuréníọ̀mù, bàbà, fọ́síféètì àti omi. (Ẹ ṣọ́ àmì orí ọ̀rọ̀ níhìn-ín. Bàbà ni irin pupa tí a fi ń rọ wáyà. Bàbá ni ẹni tí ó bí wa.) Bàbà ni ó fún un ní àwọ̀ ewé. Yuréníọ̀mù ni ó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Bí ẹ bá wọn 1 kílò torbernite, nǹkan bí 470 gíráàmù nínú rẹ̀ ni yuréníọ̀mù. Ìyẹn fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdajì.

Báwo ni ó ṣe ń di òkúta? Ẹ rántí bí iyọ̀ ṣe máa ń kù sí ìsàlẹ̀ ìkòkò nígbà tí omi iyọ̀ bá gbẹ. Omi òjò a máa wọ inú àpáta tí yuréníọ̀mù wà nínú rẹ̀. Yóò yọ́ díẹ̀ kúrò nínú rẹ̀, yóò sì gbé e lọ. Bí omi náà bá pàdé bàbà àti fọ́síféètì lójú ọ̀nà, wọn yóò dì mọ́ra wọn nínú pàlàpálá àpáta, ní ibi tí kò jìnnà sí ojú ilẹ̀. Nítorí náà ni ó fi jẹ́ pé ẹni tí ń wa kùsà a máa rí òkúta aláwọ̀ ewé yìí kí ó tó dé ibi tí yuréníọ̀mù dúdú wà nísàlẹ̀. Wọ́n ti rí i ní Cornwall ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, wọ́n rí i ní ilẹ̀ Faransé, wọ́n sì rí èyí tí ó dára púpọ̀ ní Katanga ní ilẹ̀ Kóńgò. Kì í ṣe ohun tí ó pọ̀ láyé.

Kò le. Èékánná fẹ́rẹ̀ẹ́ lè fa ilà sí i lára. Omi inú rẹ̀ kì í sì í dúró títí. Bí ẹ bá gbé e sí ibi gbígbẹ tí ó gbóná, díẹ̀ nínú omi náà yóò lọ, òkúta yóò ṣá, yóò sán, yóò sì di ohun tí ó rọrùn láti fọ́ sí ìyẹ̀fun. Ìyẹ̀fun yẹn ni kí ẹ rántí, nítorí a ó padà sórí rẹ̀.

Ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé òkúta tí ó ní yuréníọ̀mù a máa tàn lóru bí iná mọ̀nàmọ́ná. Kò rí bẹ́ẹ̀. Torbernite kì í tàn nínú òkùnkùn. Ìbátan rẹ̀ kan wà tí ń jẹ́ autunite, tí a fi orúkọ ìlú Autun ní ilẹ̀ Faransé sọ. Kálísíọ̀mù, ohun tí ó wà nínú ẹfun àti egungun, ni ó wà nínú tirẹ̀ ní ipò bàbà. Òun pọ́n bí ìyeyè. Ó sì máa ń tàn, ṣùgbọ́n àfi bí a bá tan irú àtùpà aláwọ̀ àlùkò tí àwọn ará báńkì fi ń yẹ owó ayédèrú wò sí i lára. Ẹni tí ó bá ń dúró kí òkúta tàn kí ó tó bẹ̀rù rẹ̀, yóò dúró títí.

KÍ NI ÌTÀNṢÁN?

Gbogbo ohun tí ó wà láyé ni a fi àwọn ohun kékeré kan ṣe, tí a ń pè ní átọ̀mù. Wọ́n kéré tó bẹ́ẹ̀ tí ojú kò lè rí wọn. Átọ̀mù yuréníọ̀mù wúwo jù. Ẹ fi í wé obìnrin tí ó di igi ìdáná tí ó pọ̀ ju agbára rẹ̀ lọ. Bí ó bá rìn díẹ̀, igi kan yóò já bọ́. Bí ó bá tún rìn díẹ̀, òmíràn yóò já bọ́, títí ẹrù náà yóò fi tó iye tí ó lè rù. Bẹ́ẹ̀ ni átọ̀mù yuréníọ̀mù ń ju nǹkan sílẹ̀ lára ara rẹ̀. Gbogbo ìgbà tí ó bá jù ú ni ó ń di ohun mìíràn tí ó ní orúkọ mìíràn. Ìgbà mẹ́rìnlá ni ó ń yí padà bẹ́ẹ̀. Níkẹyìn ó di òjé, ó sì sinmi.

Ohun tí ó ń jù sílẹ̀ yìí ni a ń pè ní ìtànṣán. Kò ní àwọ̀, kò ní òórùn, kò gbóná lọ́wọ́. Bí ẹ bá gbé òkúta náà lé àtẹ́lẹwọ́, ẹ kò ní mọ nǹkan kan. Ìdí rẹ̀ nìyí tí mo fi pe àkọlé ẹ̀kọ́ yìí ní iná tí kò hàn.

Irú mẹ́ta ni ó wà. Èkíní kò lágbára láti rìn jìnnà. Ewé ìwé kan ṣoṣo lè dá a dúró, awọ ara wa náà sì lè dá a dúró. Èkejì le jù ú lọ díẹ̀, ṣùgbọ́n páànù tẹ́ẹ́rẹ́ lè dá a dúró. Ẹ̀kẹta ń gba inú ara ènìyàn kọjá bí ìmọ́lẹ̀ ṣe ń gba inú dígí. Òjé tí ó nípọn ni a fi ń dè é.

Ẹ lè wí pé, bí ìwé lásán bá lè dá èkíní dúró, kí ló wá burú nínú rẹ̀? Òun gan-an ni ó burú jù bí ó bá wọ inú. Awọ ara wa nípọn, ṣùgbọ́n inú ẹ̀dọ̀fóró àti inú ìfun kò ní irú ààbò bẹ́ẹ̀. Ẹ rántí ìyẹ̀fun tí mo sọ. Ẹni tí ó fọ́ òkúta yìí, tí ó fa eruku rẹ̀ símú, tàbí tí ó fi ọwọ́ tí kò fọ̀ jẹun, ti gbé iná náà sínú ara rẹ̀, kò sì sí bí yóò ṣe fi ọwọ́ yọ ọ́ jáde.

Ohun kan tún wà. Lára àwọn ohun tí yuréníọ̀mù ń dà kí ó tó di òjé ni afẹ́fẹ́ kan tí a ń pè ní rédọ́ọ̀nù. Ó ń jáde láti ara òkúta bí èémí. Kò ní òórùn, ojú kò sì rí i. Ní ìta gbangba, afẹ́fẹ́ yóò gbé e lọ. Nínú yàrá tí a ti fèrèsé rẹ̀, yóò máa kó ara jọ. Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ pé lẹ́yìn sìgá, rédọ́ọ̀nù ni ó ń fa àrùn jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró jù ní ọ̀pọ̀ ilẹ̀. Ẹ wá ro yàrá bàbá wa, fèrèsé kan, ilẹ̀kùn kan, àti òkúta lábẹ́ ibùsùn.

Ẹ má sì rò pé bí a bá fi òkúta bẹ́ẹ̀ sílẹ̀ fún ìgbà díẹ̀ iná rẹ̀ yóò kú. Kí ìdajì yuréníọ̀mù tó yí padà, yóò gba nǹkan bíi bílíọ̀nù mẹ́rin ààbọ̀ ọdún. Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú òdo rẹ̀: 4,500,000,000.

OBÌNRIN TÍ Ó MỌ OHUN TÍ Ó WÀ NÍNÚ RẸ̀

Mo fẹ́ kí àwọn ìyá tí ó wà nínú kíláàsì wa fetí sí apá yìí dáadáa, nítorí obìnrin ni ó ṣe iṣẹ́ náà. Marie Curie ni orúkọ rẹ̀. Ilẹ̀ Pólàǹdì ni wọ́n bí i sí, ó sì ń gbé ní Paris. Ní 1896, ọkùnrin kan ní Paris, Henri Becquerel, ti rí i pé yuréníọ̀mù ń ju ìtànṣán jáde fúnra rẹ̀, láìsí pé ẹnikẹ́ni tan iná sí i. Marie fẹ́ mọ̀ bóyá ohun mìíràn tún wà láyé tí ń ṣe bẹ́ẹ̀. Ó gba òkúta lóríṣiríṣi, ó sì ń fi ẹ̀rọ kan tí ọkọ rẹ̀, Pierre, àti arákùnrin ọkọ rẹ̀ ṣe wọn agbára wọn lọ́kọ̀ọ̀kan.

Nígbà tí ó wọn yuréníọ̀mù fúnra rẹ̀, ẹ̀rọ náà sọ 2.3. Nígbà tí ó wọn torbernite, òkúta aláwọ̀ ewé wa yìí, ẹ̀rọ náà sọ 5.2. (Orúkọ àtijọ́ ni òun ń pè é, chalcolite.)

Ẹ dúró síbí kí ẹ rò ó. Torbernite kò tó ìdajì yuréníọ̀mù. Ìyókù rẹ̀ ni bàbà, fọ́síféètì àti omi, èyí tí kò ní ìtànṣán rárá. Bí a bá bu omi sí ọtí dé ìdajì, ṣé ọtí náà tún lè le ju èyí tí a kò bu omi sí lọ? Ẹlòmíràn ì bá sọ pé ẹ̀rọ ti bàjẹ́. Marie kò sọ bẹ́ẹ̀. Ó mú yuréníọ̀mù, ó mú bàbà, ó mú fọ́síféètì, ó pò wọ́n pọ̀ fúnra rẹ̀, ó sì ṣe torbernite ti ara rẹ̀. Ó gbé ti ọwọ́ ara rẹ̀ yìí sí ẹ̀rọ. Ẹ̀rọ sọ 0.9.

Nítorí náà, ẹ̀rọ kò bàjẹ́. Torbernite tí ènìyàn ṣe kò lágbára tó yuréníọ̀mù, gẹ́gẹ́ bí ó ti yẹ. Èyí tí ilẹ̀ ṣe ni ó le jù. Ó dájú pé nínú èyí tí ilẹ̀ ṣe, ohun kan fara pamọ́ síbẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò tíì mọ̀. Ó kéré púpọ̀, ṣùgbọ́n ó lágbára púpọ̀. Lójú tèmi, ọgbọ́n tí ó wà nínú pé ó tún un ṣe kí ó tó gbàgbọ́ yìí ju gbogbo ohun tí ó tẹ̀lé e lọ.

Ní July 1898, òun àti ọkọ rẹ̀ sọ fún ayé pé àwọn ti rí ohun tuntun kan nínú òkúta yuréníọ̀mù. Wọ́n fi orúkọ ilẹ̀ rẹ̀ sọ ọ́ ní pòlóníọ̀mù. Ní December ọdún kan náà wọ́n rí èkejì, èyí ni rédíọ̀mù. Nínú àgọ́ kan tí òjò ń jò ni ó ti se òkúta yuréníọ̀mù dúdú, tọ́ọ̀nù lórí tọ́ọ̀nù, tí ó ń rò ó bí ẹni ń ro ọṣẹ, títí di 1902, kí ó tó rí nǹkan bí ìdámẹ́wàá gíráàmù kan. Ẹ̀bùn Nobel méjì ni wọ́n fún un, ní 1903 àti ní 1911.

Ṣùgbọ́n ní ìgbà náà ẹnikẹ́ni kò mọ ibi tí ewu rẹ̀ dé. Ọwọ́ lásán ni ó fi ń dì í mú. Ó kú ní July 1934, ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ kò lè tún ara rẹ̀ ṣe mọ́. Àwọn ìwé àkọsílẹ̀ tí ó fi ń ṣiṣẹ́, irú ìwé tí ẹ fi ń kọ a, b, d ní kíláàsì yìí, wà ní Paris títí di òní. Ìtànṣán ṣì ń jáde lára wọn.

FỌ́SÍFÉÈTÌ TI ILẸ̀ WA

Ẹnìkan yóò bèèrè pé, “Fọ́síféètì kọ́ ni a ń wà ní Togo níhìn-ín? Ṣé kì í ṣe òun náà ni ó wà nínú ajílẹ̀ tí a ń fọ́n sí oko òwú àti àgbàdo?” Ìbéèrè rere ni. Èmi náà bi ọ̀rẹ́ mi léèrè.

Bẹ́ẹ̀ ni. Ní Hahotoé àti Kpogamé, ní ìhà gúúsù ilẹ̀ wa, ni wọ́n ti ń wà á láti 1961. Ọkọ̀ ojú irin ni ó ń gbé e lọ sí Kpémé ní etí òkun, kí ọkọ̀ òkun tó gbé e lọ. Ní 1974 ìjọba Togo gbà á lọ́wọ́ àwọn òyìnbó. Láti 2007, SNPT ni ilé-iṣẹ́ tí ń ṣe é. Ẹ lọ wo àpò ajílẹ̀ tí wọ́n kọ 15-15-15 sí. Nọ́ńbà tí ó wà láàárín ni ti fọ́sífọ́ọ̀sì, ohun tí ó ń mú gbòǹgbò lágbára. Àpò yúríà tí wọ́n kọ 46 sí kò ní in rárá.

Òkun ni ó bo ibi tí fọ́síféètì yìí wà ní àtijọ́-àtijọ́. Egungun ẹja, eyín ẹja àti àwọn ohun abẹ̀mí kéékèèké mìíràn ni ó kó jọ sí ìsàlẹ̀ òkun tí ó di òkúta. Fọ́síféètì a sì máa fa yuréníọ̀mù mọ́ra láti inú omi òkun. Nítorí náà, irú òkúta fọ́síféètì tí ó ti inú òkun wá, níbikíbi láyé, kì í ṣàìní yuréníọ̀mù díẹ̀ nínú. Ní ọ̀pọ̀ ibi, ó máa ń wà láàárín 50 gíráàmù sí 200 gíráàmù nínú tọ́ọ̀nù kan. Tọ́ọ̀nù kan jẹ́ ogún àpò oní-50 kílò. Ẹ wá fi wé torbernite: nínú tọ́ọ̀nù kan rẹ̀, 470,000 gíráàmù ni yuréníọ̀mù. Orúkọ kan náà ni fọ́síféètì ń jẹ́ nínú méjèèjì, ṣùgbọ́n a kò lè fi àdá wé abẹ́rẹ́ nítorí pé irin ni àwọn méjèèjì.

Ẹ má ṣe tìtorí ẹ̀kọ́ yìí dá ajílẹ̀ padà fún ẹni tí ó tà á fún yín. Èyí tí ó kàn wá ni pé kí a má fi ẹ̀yìn afẹ́fẹ́ sílẹ̀ kọjú sí eruku rẹ̀ nígbà tí a bá ń fọ́n ọn, kí a fọ ọwọ́ kí a tó jẹun ní oko, kí a má sì fọ àpò rẹ̀ láti fi di gààrí tàbí èlùbọ́. Mo mọ̀ pé àpò náà lágbára. Mo mọ̀ pé ẹ ń ṣe é.

ÀWỌN ỌMỌ WA TÍ Ó Ń GBA ARLIT KỌJÁ

Ilẹ̀ tí wọ́n ti ń wa yuréníọ̀mù tí ó súnmọ́ wa jù ni Niger. Ìlú náà ń jẹ́ Arlit, ó wà ní òkè Agadez, nínú aṣálẹ̀. Láti 1971 ni ilé-iṣẹ́ SOMAIR ti ń wà á níbẹ̀. Èkejì rẹ̀, COMINAK, wa ti abẹ́ ilẹ̀ láti 1978 títí wọ́n fi tì í ní March 2021, ó sì fi nǹkan bí 20 mílíọ̀nù tọ́ọ̀nù pàǹtí òkúta sílẹ̀. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, ọkọ̀ akẹ́rù ni ó ń gbé yuréníọ̀mù láti ibẹ̀ gba Parakou lọ sí Cotonou, ní ilẹ̀ Benin tí ó múlé gbè wá. Èyí dáwọ́ dúró nígbà tí àwọn ológun gba ìjọba ní Niger ní 2023 tí wọ́n sì ti ẹnubodè.

Ohun tí ó mú mi dárúkọ Arlit ni pé ọ̀pọ̀ ọmọ Sokodé, Tchamba àti Kambolé ni ó ti gba ọ̀nà Agadez lọ wáṣẹ́ sí Libya àti Algeria. Arlit sì wà lójú ọ̀nà Algeria. Ẹni tí owó bá tán lọ́wọ́ rẹ̀ níbẹ̀ lè dúró ṣe iṣẹ́ tí ó bá rí, ó lè máa ra irin àlòkù kí ó sì máa tà á. Láti 2003, àwọn ará CRIIRAD láti ilẹ̀ Faransé àti ẹgbẹ́ kan ní Arlit tí ń jẹ́ Aghir in'Man ti ń gbé ẹ̀rọ kiri ìlú náà. Wọ́n rí irin àlòkù láti ibi ìwakùsà tí wọ́n ń tà lọ́jà, tí ìtànṣán ń jáde lára rẹ̀. Ní 2007, ní Akokan lẹ́gbẹ̀ẹ́ Arlit, wọ́n rí òkúta ibi ìwakùsà tí wọ́n fi dí kòtò ojú títì. Kò sí ẹni tí ó lè fi ojú lásán mọ̀ ọ́n. Ẹ̀rọ ni ó mọ̀ ọ́n.

Bí ọmọ yín bá wà lọ́nà ibẹ̀, ẹ lè fi fóònù sọ fún un: kí ó má ra páìpù tàbí irin tí ó ti ibi ìwakùsà jáde, kí ó má sì fi òkúta ibẹ̀ ṣe àdògán ìdáná. Gbólóhùn kan péré ni.

Ní ilẹ̀ Kóńgò, ní Shinkolobwe ní Katanga, ọ̀rọ̀ náà burú ju bẹ́ẹ̀ lọ. Torbernite wà níbẹ̀, òkúta yuréníọ̀mù dúdú sì wà lábẹ́ rẹ̀. Ní 1940 wọ́n kó tọ́ọ̀nù 1,200 láti ibẹ̀ lọ sí New York. Púpọ̀ nínú yuréníọ̀mù tí wọ́n fi ṣe bọ́ǹbù tí wọ́n jù sí Hiroshima ní ilẹ̀ Japan ní August 6, 1945, láti inú ilẹ̀ àwọn ènìyàn yẹn ni ó ti wá, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ nínú wọn kò mọ ohun tí wọ́n rù. Nígbà tí ó yá, wọ́n ti ibi ìwakùsà náà. Ebi kò jẹ́ kí àwọn ènìyàn gbọ́. Wọ́n padà lọ síbẹ̀ pẹ̀lú ṣọ́bìrì láti wa kóbáltì. Ní 2004 ìjọba tún fòfin dè é, ní July ọdún náà sì ni ilẹ̀ wó lé àwọn awakùsà lórí, àwọn kan sì kú.

PÁÁLÍ ÌṢÁNÁ

Ẹ̀yin ti ń dúró kí n sọ ohun tí ó wà nínú páálí. Ọ̀rẹ́ mi gbé e sórí ìwé funfun, ó fi abẹ́rẹ́ yí i. Lákọ̀ọ́kọ́, ó ní kì í ṣe àwọ̀ ewé. Fàdákà ni ó jọ, pẹ̀lú ìpọ́nrúsúrúsú díẹ̀. Lẹ́yìn náà, ó fi abẹ́rẹ́ tẹ ìpele kan. Ìpele náà tẹ̀, ó sì padà sípò nígbà tí ó gbé abẹ́rẹ́ kúrò. Ó ní torbernite kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Bí a bá tẹ̀ ẹ́, kíkán ni yóò kán.

Ó ní, “Míkà ni èyí. Ó wà nínú àpáta káàkiri agbègbè yín. Kò ní yuréníọ̀mù, ẹnikẹ́ni kò sì ní fi ọkọ̀ akẹ́rù rà á.” Ó wá fi kún un pé kì í ṣe ẹ̀bi bàbá, nítorí àwọn onímọ̀ àtijọ́ pàápàá, nítorí ìpele tẹ́ẹ́rẹ́ tí ó ní, ń pe torbernite ní míkà aláwọ̀ ewé.

Nígbà náà ni ó bi mí pé níbo ni mo fi páálí náà sí nínú ọkọ̀. Mo fi ọwọ́ kan àpò àyà ẹ̀wù mi. Ó wò mí, kò sọ nǹkan kan. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀ ó ní bí ó bá tún ṣẹlẹ̀, bí mo bá rí òkúta aláwọ̀ ewé onípele tàbí èyí tí ó pọ́n bí ìyeyè, kí n má ṣí ìpele rẹ̀, kí n má fọ́ ọ, kí n má sì gbé e. Kí n fi àmì sí ibẹ̀, kí n fọ ọwọ́, kí n sọ fún ọ́fíìsì ìjọba tí ń bójú tó ohun àlùmọ́ọ́nì, kí àwọn tí ó ní ẹ̀rọ Geiger wá síbi tí òkúta wà. Ẹ̀rọ Geiger ni ó ń ké ta-ta-ta nígbà tí ìtànṣán bá wà nítòsí.

Mo padà dé Kambolé ní alẹ́. Mo lọ bá bàbá ní ilé kí n tó lọ sí ilé mi, mo sì ṣàlàyé fún un. Ó dákẹ́. Ó bi mí lẹ́ẹ̀mejì pé ṣé ó dá mi lójú pé nǹkan kan kò ṣe àwọn ọmọ. Mo ní ó dá mi lójú. Ìgbà náà ni ó tó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Ewúrẹ́ méjì ni mo fi ra òkúta ilẹ̀ ara mi.” Ọkùnrin ọjà náà kò padà wá títí di òní.

Ní ọ̀sẹ̀ tí ó tẹ̀lé e, bàbá gbé òkúta náà wá sí kíláàsì fún wa. Ó ní kí a kọ orúkọ rẹ̀ sórí pátákó. Mo fún un ní ẹfun, òun fúnra rẹ̀ ni ó kọ ọ́: M, Í, K, À. Òkúta náà wà lórí fèrèsé wa báyìí, òun ni a fi ń tẹ ìwé mọ́lẹ̀ nígbà tí ọyẹ́ bá ń fẹ́.

ÌBÉÈRÈ

1. Ohun mẹ́rin wo ni ó parapọ̀ di torbernite?
2. Nígbà tí Marie Curie rí 5.2 lórí ẹ̀rọ, kí ni ó ṣe kí ó tó gbàgbọ́?
3. Bí torbernite kan bá wọn 2 kílò, gíráàmù mélòó ni yuréníọ̀mù tí ó wà nínú rẹ̀?
4. Ẹ ka nọ́ńbà mẹ́ta tí ó wà lára àpò ajílẹ̀ yín. Èwo ni ti fọ́sífọ́ọ̀sì?
5. Ẹ kọ lẹ́tà kúkúrú sí ọmọ tàbí àbúrò yín tí ó wà ní Agadez tàbí Arlit. Ẹ sọ ohun tí kò gbọdọ̀ rà fún un.